Kí ló dé tí òṣèré Yorùbá tí gbogbo èèyàn mọ̀ fi ń tọrọ owó ìtọ́jú? Ẹ jẹ́ ká wo ọmọ Ìkòròdú méjì

Ẹ bọ́ sílẹ̀ nínú BRT ní Gáréèjì Ìkòròdú, kí ẹ dárúkọ Bàbá Suwe fún ẹnikẹ́ni tó bá ti lé lọ́gbọ̀n ọdún. Ẹ̀rín ni ẹ ó kọ́kọ́ gbọ́. Ìyá tó ń ta àgbàdo á rẹ́rìn-ín. Kọ̀ndọ́ tó ń pariwo "Ṣágámù, Ṣágámù" á dákẹ́ díẹ̀, á ní, "Bàbá yẹn? Háà!" Lẹ́yìn náà ni wọ́n á wá mi orí, wọ́n á ní, "Ó mà ṣe o."

"Ó mà ṣe o" yẹn ni ọ̀rọ̀ wa lónìí. Ní ọdún 2019, gbogbo wa la rí i lórí fóònù wa bí wọ́n ṣe ń tọrọ owó ìtọ́jú fún Bàbá Suwe. Kì í ṣe òun ni àkọ́kọ́, kì í sì í ṣe òun ló kẹ́yìn. Bí ọdún bá ti ń yí lu ọdún la máa ń rí òṣèré Yorùbá kan tó ti dàgbà, tí wọ́n gbé nọ́ńbà báńkì rẹ̀ síta pé kí àwọn tó nífẹ̀ẹ́ rẹ̀ ṣàánú.

Ohun tí ọ̀pọ̀ èèyàn máa ń sọ ni pé, "Wọn ò mọ owó tọ́jú ni jàre. Fàájì ló jẹ gbogbo ẹ̀." Èmi ò gbà bẹ́ẹ̀. Ẹni tó ń náwó nínàákúnàá wà níbi gbogbo, ó wà ní báńkì, ó wà ní ọ́fíìsì ìjọba. Bí wàhálà kan náà bá ń ṣe èèyàn tó pọ̀ nínú iṣẹ́ kan náà, iṣẹ́ yẹn ló yẹ ká yẹ̀ wò, ká mọ bí owó ṣe ń wọlé níbẹ̀ àti ẹni tó ń gbà á. Ìkòròdú sì fún wa ní òṣèré méjì tá a lè fi wò ó: Bàbá Suwe àti Fúnkẹ́ Akíndélé.

Ta ni Bàbá Suwe gan-an?

Babátúndé Omidínà ni orúkọ rẹ̀. Ọmọ Ìkòròdú ni, ṣùgbọ́n Òpópónà Inabere ní Lagos Island ni wọ́n bí i sí, ní ọjọ́ 22, oṣù kẹjọ, ọdún 1958. Ó kàwé ní Èkó, ó kàwé ní Òṣogbo. Ọdún 1971 ló ti bẹ̀rẹ̀ eré, kò tíì ju ọmọ ọdún mẹ́tàlá lọ. Ṣùgbọ́n fíìmù Ìrù Ẹṣin tí Ọláìyá Igwe ṣe ní 1997 ló gbé e dé ojú gbogbo ayé.

Ẹ ṣírò ẹ̀ wò. Láti 1971 sí 1997 jẹ́ ọdún 26. Ọdún 26 ni ọkùnrin yìí fi ṣiṣẹ́ kí àwa tó mọ̀ ọ́n bí ẹni mowó. Nígbà tí a mọ̀ ọ́n tán, a rò pé òjijì ló dé.

Kí ló ń tà fún wa? Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti wò ó mọ ojú dúdú tó máa ń kùn, ẹ sì mọ bó ṣe máa ń wọlé sínú fíìmù. Ṣùgbọ́n ọjà rẹ̀ gan-an wà lẹ́nu. Ọ̀rọ̀ kan tí ẹlòmíì á sọ lásán, òun á yí i po, á fi bú èèyàn, á tún fi yin ara rẹ̀, ká tó mọ̀, ó ti di ẹ̀fẹ̀. Ìyàwó rẹ̀, Ọmọládùn, tá a mọ̀ sí Mọládùn Kẹ́ńkẹ́lẹ́wú, mọ iṣẹ́ yìí bí òun náà ṣe mọ̀ ọ́n. Bí àwọn méjèèjì bá bẹ̀rẹ̀ sí í bú ara wọn nínú fíìmù, ẹ ò ní fẹ́ kó tán. Ọdún 2009 ni Mọládùn kú.

Ohun kan wà níbẹ̀ tí ọ̀pọ̀ wa ò mọ̀. Nínú eré Yorùbá àtijọ́, wọn kì í sábà kọ gbogbo ọ̀rọ̀ sílẹ̀ fún òṣèré. Ọ̀gá á sọ ìtàn náà: ìwọ ni landlọ́ọ̀dù, ìwọ ò rówó ilé san, ẹ máa jà, lẹ́yìn náà ìyàwó ẹ á wọlé. Ó parí. Ọ̀rọ̀ tí ẹ ó máa sọ, ẹ̀yin lẹ ó wá a. Àṣà yìí bá wọn dé inú fíìmù, pàápàá fún àwọn aláwàdà. Ìyẹn ni pé òṣèré ló ń dá ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀, òun náà ló ń sọ ọ́. Iṣẹ́ méjì ló ń ṣe, owó iṣẹ́ kan ni wọ́n ń san.

Ọ̀dọ̀ ọ̀gá ni gbogbo ẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀

Bí ẹ bá fẹ́ mọ ìdí tó fi rí bẹ́ẹ̀, ẹ jẹ́ ká padà sẹ́yìn díẹ̀. Ní 1945 ni Hubert Ògúndé, ọmọ Ọ̀ṣọ́ṣà, sọ eré ṣíṣe di iṣẹ́ oúnjẹ òòjọ́. Kọ́lá Ògúnmọ́lá, Dúró Ládiípọ̀ àti Moses Ọláìyá tá a mọ̀ sí Bàbá Sàlá tẹ̀ lé e. Ẹgbẹ́ ni wọ́n dá sílẹ̀, ṣùgbọ́n ẹgbẹ́ olówó kan ni. Ọ̀gá ló ni mọ́tò, ọ̀gá ló ni aṣọ eré àti ìlù, ọ̀gá ló ni ìtàn. Orúkọ ọ̀gá ló wà lára ọkọ̀.

Àwọn tó kù jẹ́ ọmọṣẹ́, bí ọmọ tó ń kọ́ mẹkáníìkì. Ọ̀dọ̀ ọ̀gá ni wọ́n ń gbé, oúnjẹ ọ̀gá ni wọ́n ń jẹ, ohun tí ọ̀gá bá sì fún wọn ni wọ́n ń gbà. Ògúndé tiẹ̀ fẹ́ ọ̀pọ̀ nínú àwọn obìnrin tó ń bá a ṣeré, kí wọ́n má baà máa lọ. Lóòótọ́, ètò yẹn ní àǹfààní tirẹ̀. Bí ọmọṣẹ́ bá ṣàìsàn, ọ̀gá mọ̀ pé òun lòun máa gbọ́ bùkátà. Ilé kan náà ni gbogbo wọn.

Fíìmù dé, nǹkan yí padà. Àjàní Ògún jáde ní 1976, Ọlá Balógun ló darí rẹ̀, Adé Love ló ṣe Àjàní. Ògúndé gbé Ayé jáde ní 1979. Àwọn ọ̀gá ta dúkìá, wọ́n yá owó, torí owó ńlá ni fíìmù ìgbà yẹn ń jẹ. Ní 1982, Bàbá Sàlá ṣe Ọ̀run Móoru, àwọn olè jí i dà kọ sórí fídíò, wọ́n sì ń tà á káàkiri. Gbèsè tí ìyẹn dá sílẹ̀ fún un kò kéré. Bí ọ̀gá bá lè wọ gbèsè bẹ́ẹ̀, kí ni ọmọṣẹ́ fẹ́ rí jẹ?

Ẹgbẹ́ ńláńlá wọ̀nyẹn bẹ̀rẹ̀ sí í tú ká. Òṣèré kúrò lọ́dọ̀ ọ̀gá, kálukú wá dá dúró. Ó dára létí, àbí? Ṣùgbọ́n ẹni tó máa gbọ́ bùkátà nígbà àìsàn náà ti lọ nìyẹn, kò sì sí ẹni tó bọ́ sí àyè rẹ̀.

Ayé fídíò: wọ́n sanwó lẹ́ẹ̀kan, ó tán

Láti òpin ọdún 1980 sí i ni fídíò gba ìjọba. Ó rọrùn, kò náni lówó bíi ti sinimá. Màkẹ́tà ni ọba tuntun. Màkẹ́tà ní Ìdúmọ̀tà tàbí Alaba lè fún olóòtú lówó kó fi ya fíìmù, tàbí kó ra fíìmù náà pátápátá lẹ́yìn tí wọ́n bá yà á tán. Bó bá ti rà á, tirẹ̀ ni. Ó lè tẹ̀ ẹ́ jáde lọ́dún yìí, kó tún un tẹ̀ lọ́dún mẹ́wàá sí i, kó pín in sí apá kìíní àti apá kejì.

Òṣèré ńkọ́? Owó iṣẹ́ ọjọ́ mélòó kan ló gbà, ó sì lọ sílé. Bí fíìmù bá tà bí àkàrà, owó ẹ̀ ò lé. Nígbà míì, kò tiẹ̀ gba owó tó jọ owó, torí àṣà kan wà láàárín wọn: "Wá bá mi ṣe tèmi, èmi náà á wá bá ẹ ṣe tìẹ." Èésú ni wọ́n ń fi ara wọn dá. Ó wúlò nígbà tí gbogbo wọn wà lọ́dọ̀ọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tó ti ń ṣàìsàn, tí kò lè ya fíìmù tirẹ̀ mọ́, ta ló máa bá a ṣe é?

Mo rántí dáadáa bí wọ́n ṣe máa ń to àwọn fíìmù yìí sílẹ̀ ní Gáréèjì Ìkòròdú. Àwo CD lórí tábìlì, tẹlifíṣọ̀n kékeré kan, ẹ̀rọ amúnáwá ń ké, àwọn tó ń dúró de mọ́tò á pé jọ síwájú ẹ̀. Lára àwo yẹn ni àyédèrú wà, èyí tí wọ́n di fíìmù mẹ́wàá, mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sínú ẹyọ kan. Ẹni tó ń tà á jèrè, ẹni tó tẹ̀ ẹ́ jèrè, àwa tá à ń wò rẹ́rìn-ín. Ẹni tá à ń wò kò gba kọ́bọ̀.

Bí ẹ bá fẹ́ kí n sọ ọ́ bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ ní gáréèjì, òṣèré jẹ́ dírẹ́bà tí ń wa mọ́tò onímọ́tò. Gbogbo ọ̀nà mọ̀ ọ́n, àgbèrò mọ orúkọ rẹ̀, èrò ń kí i. Ṣùgbọ́n owó ọlọ́kọ̀ gbọ́dọ̀ pé nírọ̀lẹ́, èyí tó bá ṣẹ́ kù ni tirẹ̀. Ọjọ́ tó bá dùbúlẹ̀, ẹlòmíì á gba kọ́kọ́rọ́, mọ́tò á máa lọ. Fíìmù tún wá burú jù ú lọ: mọ́tò òṣèré ń ṣiṣẹ́ lọ kódà nígbà tí òun fúnra rẹ̀ wà lórí bẹ́ẹ̀dì, torí ojú rẹ̀ ṣì wà nínú ẹ̀.

Orúkọ ni ṣọ́ọ̀bù

Ẹni tí kò ní mọ́tò, orúkọ rẹ̀ nìkan ló ní. Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí Bàbá Suwe ní 2011 jẹ́ ká mọ bí ìyẹn ṣe léwu tó.

Ní ọjọ́ 12, oṣù kẹwàá, ọdún yẹn, àjọ NDLEA mú un ní pápákọ̀ òfuurufú Murtala Muhammed níbi tó ti fẹ́ wọkọ̀ lọ sí Paris. Wọ́n ní ẹ̀rọ àyẹ̀wò fi hàn pé ó gbé oògùn olóró mì. Wọ́n dá a dúró ju ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lọ, wọ́n ń dúró kó yàgbẹ́, ó ń yàgbẹ́, wọn ò rí oògùn kankan. Àwa oníròyìn, ojoojúmọ́ là ń kọ ọ́. Àwọn èèyàn sì sọ ọ́ di àwàdà, wọ́n ń ka ìgbẹ́ aláwàdà bí ẹni ń ka góòlù. Ìgbà tí oṣù kọkànlá wọlé ni ilé ẹjọ́ gíga Èkó ní kí wọ́n tú u sílẹ̀, wọ́n sì ní kí NDLEA san mílíọ̀nù 25 náírà fún un. Ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn padà wọ́gi lé ìdájọ́ owó náà.

Bí irú ẹ̀ bá ṣe oníṣòwò ìrẹsì, ìrẹsì ṣì wà ní ṣọ́ọ̀bù. Ṣùgbọ́n òṣèré tó jẹ́ pé ojú àti orúkọ rẹ̀ ni ṣọ́ọ̀bù, bí wọ́n bá kun ṣọ́ọ̀bù yẹn ní ẹrẹ̀, kí ló fẹ́ tà? Owó fíìmù àtijọ́ kì í sábà wọlé fún irú òṣèré bẹ́ẹ̀ débi tó máa fi jókòó sílé, kó fi dúró de ìgbà tí ọ̀rọ̀ á rọlẹ̀.

Àìsàn dé. Ní 2019 tí ariwo ta, Esther Ajayi tá a mọ̀ sí Ìyá Àdúrà fún un ní mílíọ̀nù mẹ́wàá náírà, ó sì lọ gba ìtọ́jú ní Amẹ́ríkà. Ọlọ́run á san án fún gbogbo ẹni tó ṣàánú. Ọjọ́ 22, oṣù kọkànlá, 2021 ni Bàbá Suwe kú, ní ẹni ọdún 63. Ìkòròdú ni wọ́n sin ín sí.

Ọmọ Ìkòròdú kejì

Ọdún 1977 ni wọ́n bí Fúnkẹ́ Akíndélé ní Ìkòròdú. Ó kọ́ nípa iṣẹ́ ìròyìn, ó tún kàwé òfin ní Yunifásítì Èkó. I Need to Know, eré tẹlifíṣọ̀n elédè Gẹ̀ẹ́sì tí àjọ UNFPA gbé kalẹ̀ láti 1998, ni a ti kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n. Lẹ́yìn ìyẹn ló wá wọ inú fíìmù Yorùbá.

Ní 2008 ni Jenifa jáde: Suliat, ọmọ oko tó wọ yunifásítì, tó ní dandan òun gbọ́dọ̀ di big girl, tí Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ ń kọsẹ̀ káàkiri. Òun ló fún un ní àmì ẹ̀yẹ AMAA fún òṣèrébìnrin tó dára jù ní 2009. Ṣùgbọ́n àmì ẹ̀yẹ kọ́ ni mo fẹ́ kí ẹ wò. Ẹ wo ẹni tó ni Jenifa. Fúnkẹ́ kò kàn ṣe Jenifa fún ẹlòmíì, òun ló ni ín. Torí náà, nígbà tí a ò jẹ́ kí Jenifa sinmi, ó ṣe The Return of Jenifa ní 2011, ó sọ ọ́ di Jenifa's Diary lórí tẹlifíṣọ̀n, ní 2024 ó tún gbé e lọ sí sinimá ní Everybody Loves Jenifa. Ẹ̀rín kan náà tá a rín ní 2008 ṣì ń pawó fún ẹni tó pa wá lẹ́rìn-ín.

Omo Ghetto: The Saga tó jáde ní ìparí 2020 pa mílíọ̀nù 636 náírà ní sinimá. A Tribe Called Judah, ní ìparí 2023, ni fíìmù Nàìjíríà àkọ́kọ́ tó kọjá bílíọ̀nù kan náírà. Kì í ṣe pé gbogbo owó yẹn wọ àpò ẹnì kan o. Ilé sinimá á mú tiwọn, ẹni tó ń pín fíìmù kiri á mú tirẹ̀, owó tí wọ́n fi yà á náà gbọ́dọ̀ padà. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n bá ń ṣírò rẹ̀, ó wà nídìí tábìlì. Ọ̀pọ̀ òṣèré ayé fídíò kò sí nídìí irú tábìlì bẹ́ẹ̀.

Ẹ má gbọ́ mi ní àgbọ́yé o. Mi ò sọ pé ọ̀kan gbọ́n, ọ̀kan gọ̀. Nígbà tí Fúnkẹ́ dé, ilé sinimá tuntun ti ń ṣí, fóònù ti dé, íntánẹ́ẹ̀tì ti dé, òun fúnra rẹ̀ sì ti kàwé òfin. Ọmọkùnrin tó bẹ̀rẹ̀ eré ní 1971, ta ló fẹ́ ṣàlàyé àdéhùn fún un? Fẹ́mi Adébáyọ̀ tó ṣe Jagun Jagun fún Netflix ní 2023, ọmọ Ọ̀gá Bello ni. Kúnlé Afọláyan tó ṣe Aníkúlápó ní 2022, ọmọ Adé Love ni. Wọ́n ti rí ohun tó ṣe àwọn bàbá wọn àti ẹgbẹ́ bàbá wọn. Wọ́n dìídì fẹ́ ni mọ́tò ni.

Ohun kan tún wà tó ń dùn mí níbẹ̀. Bí owó ṣe ń pọ̀ sí i ní sinimá ni Yorùbá ń dín kù nínú àwọn fíìmù tó ń pa á. Gẹ̀ẹ́sì, pijin àti àmúlùmálà ló ń mú èrò wọlé láti gbogbo ẹ̀yà. Mi ò dá wọn lẹ́bi. Ṣùgbọ́n òṣèré tó jẹ́ pé Yorùbá ìjìnlẹ̀ ni gbogbo ọjà ẹnu rẹ̀, níbo ni kó lọ?

Ẹ wo Ireland fún mi

Wọ́n ní èdè ìbílẹ̀ tiwọn ní Ireland, Gaeilge ni wọ́n ń pè é. Gẹ̀ẹ́sì fẹ́rẹ̀ẹ́ pa á. Àwọn tó ń sọ ọ́ lójoojúmọ́ lẹ́yìn ilé ẹ̀kọ́ kò tó 80,000, gẹ́gẹ́ bí ìkànìyàn wọn ti 2022 ṣe sọ. Ìkòròdú nìkan, ní ìkànìyàn 2006, lé ní 535,000. Ẹ fi wé ara wọn.

Síbẹ̀, òṣèré lè fi èdè kékeré yẹn jẹun. Láti 1928 ni gbọ̀ngàn eré Gaeilge kan, An Taibhdhearc, ti wà ní ìlú Galway. Ní 1996, ìjọba dá ilé tẹlifíṣọ̀n Gaeilge sílẹ̀, TG4 lorúkọ rẹ̀ lónìí. Láti ọdún yẹn ni eré àtìgbàdégbà wọn, Ros na Rún, ti ń lọ, tí òṣèré ń rí iṣẹ́ ṣe lọ́dọọdún. Owó ìjọba wà nínú An Cailín Ciúin, fíìmù Gaeilge tó jáde ní 2022, tí wọ́n sì yàn mọ́ àwọn tó ń du Oscar ní 2023.

Àwa ní èrò, àwọn ní ètò. Ká sì rántí pé Ìbàdàn ni tẹlifíṣọ̀n WNTV ti bẹ̀rẹ̀ ní 1959, ibẹ̀ ni Aláwàdà Bàbá Sàlá ti ń wọ pálọ̀ àwọn òbí wa. Ilé tẹlifíṣọ̀n ìjọba ń lo eré Yorùbá nígbà yẹn. Àwa la jẹ́ kó rọlẹ̀.

Kí ló ń yí padà?

Nǹkan mẹ́ta ni mo rí. Èkíní, òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ọpọlọ tuntun, Copyright Act 2022, tí Ààrẹ Buhari buwọ́ lù ní oṣù kẹta 2023, ya apá kan sọ́tọ̀ fún ẹ̀tọ́ àwọn òṣèré. Òfin kì í rìn fúnra rẹ̀ o. Òṣèré tí kò ní ìwé àdéhùn lọ́wọ́, kí ló fẹ́ gbé lọ síwájú adájọ́? Àwọn ẹgbẹ́ bíi TAMPAN ló yẹ kó sọ ọ́ di dandan pé ọmọ ẹgbẹ́ wọn kò gbọ́dọ̀ dé lokéṣọ̀n láìbuwọ́ lùwé, kí ìwé náà sì sọ ohun tí òṣèré máa gbà bí fíìmù bá tún jáde níbòmíì.

Èkejì, ìtọ́jú. Adíyelófò ìlera kò wọ́n tó owó ilé ìwòsàn ọjọ́ kan tí àìsàn bá ti wọra. Kí wọ́n máa yọ díẹ̀ lára owó iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan sí i. Ẹni tó ń dá èésú mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é.

Ẹ̀kẹta ni YouTube, ọwọ́ tiwa ló sì wà. Ọ̀pọ̀ òṣèré Yorùbá ti ní ojú ìwé tiwọn níbẹ̀ báyìí. Ìpolówó ọjà ló ń mówó wá, ẹni tó ni ojú ìwé ni YouTube sì ń san owó fún. Bí ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà ní London tàbí Houston bá ń wò ó, owó tó ń wọlé tún máa ń ju tiwa nílé lọ. Ṣùgbọ́n ẹni tó ni ojú ìwé nìkan ló ń gbà á. Bí ẹlòmíì bá jí fíìmù náà gbé sí tirẹ̀, òun lẹ̀ ń sanwó fún láìmọ̀.

Nítorí náà, kí ẹ tó tẹ fíìmù Yorùbá kan lálẹ́ òní, ẹ wo orúkọ ojú ìwé tó gbé e síta. Bó bá jẹ́ ti òṣèré náà tàbí ti olóòtú ẹ̀, ẹ wò ó dé òpin, ẹ má fo ìpolówó. Bí kò bá jẹ́ tiwọn, ẹ wá tiwọn kàn. Ìṣẹ́jú kan péré ni, owó ìtọ́jú ẹnì kan lọ́la sì lè wà níbẹ̀.